Olè Ṣílè Kan

Nígbà tí a bá ń sọ̀rọ̀ nípa ìwà ọ̀daràn, ọkàn ọ̀pọ̀ ènìyàn a máa sáré lọ sí ọ̀dọ̀ apànìyàn, adigunjalè àti ẹni tí ó tiná bọ ilé onílé. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá jókòó ní kóòtù májísíréètì fún ọ̀sẹ̀ kan péré yóò rí i pé kì í ṣe irú àwọn wọ̀nyí ni ó pọ̀ jù níbẹ̀. Gbéwiri ni ó pọ̀, àfọwọ́rá ni ó pọ̀: ọmọ tí ó mú adìyẹ aládùúgbò, obìnrin tí ó na ẹlòmíràn ní ìdí omi, ọkùnrin tí ó mutí yó tí ó dá ìjà sílẹ̀ ní ìgboro, awakọ̀ tí ó gba ojú ọ̀nà tí a ti ní kí ẹnikẹ́ni má gbà. Ọ̀ràn kéékèèké ni ìwọ̀nyí, kò sì sí ìlú kan lábẹ́ ọ̀run tí kò ní wọn. Bí òfin ti ń ṣe sí irú ẹlẹ́ṣẹ̀ bẹ́ẹ̀ láti ìgbà pípẹ́ wá ni mo fẹ́ rò fún yín, ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń ka ìwé yìí. Láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni n óò ti bẹ̀rẹ̀, nítorí pé ibẹ̀ ni púpọ̀ nínú òfin tí kóòtù wa ń lò ti ṣẹ̀ wá, àti nítorí pé àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣe àṣìṣe kan níbẹ̀ tí ó gbà wọ́n ju ọgọ́rùn-ún ọdún lọ kí wọ́n tó tún un ṣe.

Ní ayé àtijọ́, ìlà kan ṣoṣo ni òfin Gẹ̀ẹ́sì fà sí àárín olè kékeré àti olè ńlá. Kọ́bọ̀ 12 ni ìlà náà, èyí tí í ṣe ṣílè kan. Òfin kan tí wọ́n ṣe ní Westminster ní ọdún 1275, nígbà tí Edward Kìn-ín-ní wà lórí oyè, ti dárúkọ iye yìí. Ẹni tí ohun tí ó jí kò bá ju kọ́bọ̀ 12 lọ, olè kékeré ni. Pàṣán ni wọ́n sábà máa ń nà án. Ẹni tí ohun tí ó jí bá ju bẹ́ẹ̀ lọ, olè ńlá ni, ikú sì ni ìdájọ́ rẹ̀. Kí ẹ má ṣe rò pé ṣílè kan jẹ́ owó yẹpẹrẹ nígbà náà. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó owó àgùntàn kan. Ṣùgbọ́n bí ọdún ti ń gorí ọdún ni owó ń pàdánù agbára rẹ̀, tí òfin sì dúró gbagidi sí ojú kan. Nígbà tí yóò fi di bí ọdún 1700, aṣọ ìnujú sílíìkì kan tí ọmọdé fà yọ nínú àpò olówó ti ju ṣílè kan lọ. Òfin kò pààrọ̀ ọ̀rọ̀ kan. Ọjà ni ó yípadà lábẹ́ rẹ̀, ohun tí ó sì jẹ́ olè àgùntàn nígbà kan ti di olè aṣọ ìnujú.

Ọgbọ́n kan wà tí wọ́n fi ń dín ìwúwo òfin yìí kù, ọgbọ́n náà sì yani lẹ́nu. Láti ìgbà láéláé ni ìjọ Ọlọ́run ti bá ọba jà pé kóòtù ọba kò gbọdọ̀ pa àlùfáà. Báwo ni a ṣe máa mọ àlùfáà? Ní ìgbà náà, àwọn ni ó mọ ìwé kà. Nítorí náà, ẹni tí wọ́n bá dá lẹ́bi lè bẹ̀bẹ̀ pé àlùfáà ni òun; wọn a ṣí Bíbélì sí i, pàápàá ìbẹ̀rẹ̀ Sáàmù 51, bí ó bá sì kà á geere, ó bọ́ lọ́wọ́ ikú. Kò pẹ́ tí àwọn olè tí kò mọ *a* yàtọ̀ sí *b* fi kọ́ ẹsẹ yìí sórí bí ẹni kọ́ orin. Ní òpin ọ̀rúndún kẹẹ̀ẹ́dógún ni òfin wá ní kí a máa fi irin gbígbóná sàmì sí àtàǹpàkò ẹni tí ó bá ti bẹ irú ẹ̀bẹ̀ yìí, kí ó má baà bẹ̀ ẹ́ ní ẹ̀ẹ̀kejì. Ben Jonson, ẹni tí ó kọ ọ̀pọ̀ eré orí ìtàgé ní ìgbà ayé Shakespeare, pa òṣèré kan níbi ìjà ní ọdún 1598. Ìwé tí ó kà ni ó gbà á lọ́wọ́ okùn, ó sì ru àmì náà lọ sí ibojì. Mo mọ̀ pé olùkọ́ yín yóò fẹ́ràn ìtàn yìí, ṣùgbọ́n mo bẹ̀ ẹ́ kí ó má ṣe sọ fún yín pé torí rẹ̀ ni ẹ fi ń lọ sí ilé-ìwé. Àwọn obìnrin kò ní ìpín kan náà pẹ̀lú ọkùnrin nínú àánú yìí títí di ọdún 1691. Ní ọdún 1706 ni wọ́n fòpin sí ìdánwò ìwé kíkà, tí ẹni tí kò mọ̀wé náà sì lè rí àánú gbà.

Bí àánú ti ń gbòòrò ní apá kan, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń dí i ní apá kejì. Àwọn oníṣòwò figbe ta pé àwọn tí ń wọ ìsọ̀ bí oníbàárà ń kó àwọn ní ọjà lọ. Ní ọdún 1699, àwọn aṣòfin ṣe é ní òfin pé ẹni tí ó bá yọ́ jí ọjà tí ó tó ṣílè 5 nínú ṣọ́ọ̀bù, ikú ni. Kò sí ẹ̀bẹ̀ àlùfáà fún un mọ́. Ní ọdún 1713, wọ́n ṣe irú rẹ̀ fún ẹni tí ó bá jí ohun tí ó tó ogójì ṣílè nínú ilé gbígbé. Báyìí ni wọ́n ń fi òfin kún òfin, tí ó fi jẹ́ pé ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún kọkàndínlógún, ọ̀ràn tí a lè torí rẹ̀ yẹgi fún ènìyàn ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti lé ní 200.

Ẹ ó béèrè pé, ṣé ìkà ni àwọn ènìyàn wọ̀nyí ni? Èmi kò rò bẹ́ẹ̀. Ẹ̀rù ni ó bà wọ́n. Kò sí ọlọ́pàá ìjọba ní London bí a ti mọ̀ ọ́n lónìí. Ọdún 1829 ni a dá a sílẹ̀ fún ìlú náà. Ẹni tí olè jà ni yóò wá olè rẹ̀ rí fúnra rẹ̀, òun náà ni yóò sì ná owó rẹ̀ láti pè é lẹ́jọ́. Olè mẹ́wàá lè jà kí ọwọ́ tó tẹ ẹyọ kan. Wọ́n wá rò ó pé nígbà tí àwọn kò lè mú ọ̀pọ̀, kí àwọn fi ìyà ìwọ̀nba tí àwọn bá mú da jìnnìjìnnì bo gbogbo ìlú. Ní gbangba ni wọ́n sì ń yẹgi fún àwọn ẹlẹ́bi ní Tyburn títí di ọdún 1783, kí gbogbo ènìyàn lè wò ó kí wọ́n sì bẹ̀rù. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ni pé ibẹ̀ di ibi àríyá. Èrò a máa wọ́ lọ síbẹ̀ bí ẹni ń lọ sí ojúde ọba, àwọn jáguda a sì máa tọwọ́ bọ àpò àwọn òǹwòran lábẹ́ igi ikú gan-an.

Ibi tí òfin náà ti kọ́kọ́ dá lójú ara rẹ̀ ni yàrá ẹjọ́. Àwọn ọkùnrin 12 láti inú ìlú, tí à ń pè ní júrì, ni wọ́n ń jókòó gbọ́ ẹjọ́, àwọn ni wọ́n sì ń sọ bí ẹni náà bá jẹ̀bi àti iye tí ohun tí ó jí tó. Wọ́n ti fi Bíbélì búra pé òtítọ́ ni àwọn yóò sọ. Ẹ wá fojú inú wò ó: ọmọbìnrin kan tí kò ju ogún ọdún lọ dúró níwájú wọn, ó jí aṣọ nínú ṣọ́ọ̀bù, ẹ̀rí dá a lójú, kò sì sí ẹni tí ó lè sọ pé kò jí i. Oníṣọ́ọ̀bù sọ pé ṣílè 8 ni òun ń ta aṣọ náà. Bí àwọn júrì bá gba ọ̀rọ̀ rẹ̀, wọn yóò yẹgi fún un. Bí wọ́n bá ní kò jẹ̀bi, olè lọ lọ́fẹ̀ẹ́, oníṣọ́ọ̀bù sì gbé ẹ̀bi àdánù àti owó ẹjọ́ lọ sílé. Kí ni wọn yóò ṣe? Wọn a forí korí díẹ̀, wọn a sì dìde sọ pé ó jẹ̀bi, ṣùgbọ́n pé ṣílè 4 àti kọ́bọ̀ 10 ni aṣọ náà tó. Olórí aṣọ wà níbẹ̀, adájọ́ wà níbẹ̀, gbogbo wọn mọ̀ pé irọ́ ni, kò sì sí ẹni tí ó sọ̀rọ̀. Bí ọ̀rọ̀ bá jẹ́ ti olè inú ilé, ṣílè 39 ni wọn yóò pè é, ì báà jẹ́ pé owó pọ́n-ùn gidi tí gbogbo ayé mọ iye rẹ̀ ni a jí. William Blackstone, ọ̀mọ̀wé nínú òfin tí ó tẹ ìwé ńlá rẹ̀ jáde láàárín ọdún 1765 sí 1769, mọ àṣà yìí dáadáa. Ìbúra èké ti olójú àánú ni ó kà á sí.

Ọ̀rọ̀ yìí ni ó yẹ kí á dúró rò jù lọ. Òfin tí wọ́n ṣe láti kọ́ olè ní òtítọ́ ti sọ àwọn olóòótọ́ di òpùrọ́. Àwọn bàbá onílé, onígbàgbọ́ tí wọn kò lè fi ọwọ́ kan ohun ẹlòmíràn, ń fẹnu kó ìbúra ní òwúrọ̀ wọ́n sì ń sẹ́ ẹ kí ilẹ̀ tó ṣú. Èmi kò lè bá wọn wí, bí mo bá wà nípò wọn èmi pẹ̀lú yóò ṣe bẹ́ẹ̀. Síbẹ̀ n kò lè pe irọ́ náà ní òtítọ́. Kì í sì í ṣe gbogbo ìgbà ni àánú náà ń dé. Bí àwọn júrì bá wá láti àdúgbò tí olè ti dà láàmú, tàbí bí ojú ẹlẹ́jọ́ kò bá fa àánú, wọ́n lè sọ iye aṣọ náà bí ó ti rí gan-an. Ẹni méjì ṣe ẹ̀ṣẹ̀ kan náà ní ọjọ́ kan náà, ọ̀kan jẹ pàṣán, èkejì kú.

Láàárín pàṣán àti okùn, wọ́n wá ọ̀nà kẹta. Òfin ọdún 1718 fún adájọ́ ní àṣẹ láti kó irú ẹlẹ́bi bẹ́ẹ̀ ránṣẹ́ sí Amẹ́ríkà fún ọdún 7, láti lọ sìn nínú oko àwọn ọlọ́gbìn. Nígbà tí àwọn ará Amẹ́ríkà dìde ogun sí ọba Gẹ̀ẹ́sì ní ọdún 1775, ọ̀nà yẹn dí. Ní ọdún 1787, ọkọ̀ ojú omi 11 gbéra kúrò ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì pẹ̀lú àwọn ẹlẹ́wọ̀n tí ó lé ní 700, wọ́n sì gúnlẹ̀ sí Ọsirélíà ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 1788. Títí tí wọ́n fi dá àṣà náà dúró ní ọdún 1868, iye ènìyàn tí wọ́n kó lọ síbẹ̀ lé ní 160,000. Olè kékeré ni púpọ̀ nínú wọn. Lórí ìwé, ọdún 7 ni ìyà ọ̀pọ̀ wọn. Ṣùgbọ́n ta ni yóò san owó ọkọ̀ àbọ̀ fún ẹni tí ó jí ìkòkò? Ọ̀pọ̀ kò rí ìyá wọn mọ́ láé.

Ọkùnrin kan dìde láàárín àwọn aṣòfin tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Samuel Romilly. Lọ́yà ni, ìran àwọn tí wọ́n sá wá láti ilẹ̀ Faransé nítorí ẹ̀sìn ni. Ó ti ka ìwé tí Cesare Beccaria ará Milan tẹ̀ jáde ní ọdún 1764, níbi tí ó ti sọ pé kì í ṣe bí ìyà ti wúwo tó ni ó ń dẹ́kun ẹ̀ṣẹ̀ bí kò ṣe bí ó ti dájú tó. Ní ọdún 1808, Romilly mú kí wọ́n fagi lé ikú fún ẹni tí ó bá tọwọ́ bọ àpò ẹlòmíràn. Ní ọdún 1810, ó gbìyànjú láti ṣe bákan náà fún òfin ṣọ́ọ̀bù oníṣílè márùn-ún. Ilé Ìgbìmọ̀ ti àwọn tí ìlú yàn gbà á. Ilé àwọn Lọ́ọ̀dù kọ̀ ọ́. Lord Ellenborough, olórí àwọn adájọ́, kìlọ̀ fún wọn pé bí ẹ̀rù ikú bá kúrò, kò sí ẹni tí ohun ìní rẹ̀ yóò wà láìléwu mọ́. Bíṣọ́ọ̀bù 7 ni ó wà lára àwọn tí ó dìbò pé kí ikú máa wà níbẹ̀, Àgbà Bíṣọ́ọ̀bù ti Canterbury sì jẹ́ ọ̀kan nínú wọn. Mo máa ń rò ó lọ́pọ̀ ìgbà bóyá ọ̀kan nínú wọn rántí ìtàn olè orí àgbélébùú ní ọjọ́ náà. Romilly mú òfin náà padà wá léraléra, wọ́n sì ń dá a padà léraléra. Ó kú ní ọdún 1818 láìrí i kí ó yọrí. Ọdún 1823 ni ikú kúrò lórí olè inú ṣọ́ọ̀bù.

Ní ọdún 1827, Robert Peel pa ìlà àtijọ́ ti kọ́bọ̀ 12 náà rẹ́ pátápátá, ó sì gbé ogójì ṣílè ti inú ilé gòkè dé pọ́n-ùn 5. Ẹ ò rí bí àwọn júrì ti ṣe? Àwọn tí ń pe ohun gbogbo ní ṣílè 39 tẹ́lẹ̀ wá bẹ̀rẹ̀ sí pè é ní pọ́n-ùn 4 àti ṣílè 19. Ọdún márùn-ún péré lẹ́yìn náà, ní 1832, àwọn aṣòfin mú ikú kúrò níbẹ̀. Ṣáájú ìgbà náà, ní ọdún 1830, àwọn onílé ìfowópamọ́ láti ìlú tí ó lé ní 200 ti kọ̀wé ẹ̀bẹ̀ sí ìjọba pé kí ó jọ̀wọ́ má ṣe máa pa àwọn tí ń ṣe ayédèrú ìwé owó mọ́. Kì í ṣe pé wọ́n fẹ́ràn oníjìbìtì. Wọ́n rí i pé kò sí ẹni tí ó fẹ́ dá oníjìbìtì lẹ́bi nígbà tí ikú bá jẹ́ èrè rẹ̀.

Lẹ́yìn èyí ni ọgbà ẹ̀wọ̀n wá gba ipò okùn. Ẹ̀wọ̀n náà ní àléébù tirẹ̀, nítorí ọmọ tí ó wọlé gẹ́gẹ́ bí olè àkàrà lè jáde gẹ́gẹ́ bí ọmọ ẹ̀kọ́ àwọn afọ́lé. Ẹni tí ó fi ọ̀nà mìíràn hàn kì í ṣe adájọ́, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe aṣòfin. Oníṣẹ́ bàtà ni, John Augustus ni orúkọ rẹ̀, Boston ní Amẹ́ríkà ni ó ń gbé. Ní oṣù kẹjọ ọdún 1841, ó wà ní kóòtù nígbà tí wọ́n mú ọ̀mùtí kan wọlé, ó sì dá a lójú pé ọkùnrin náà kò tí ì kọjá àtúnṣe. Ó dúró fún un. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ó mú un padà wá, ojú rẹ̀ ti mọ́, ó sì ti jáwọ́ nínú ọtí; adájọ́ gba sẹ́ǹtì kan lọ́wọ́ rẹ̀ pẹ̀lú owó kóòtù, ó sì ní kí ó máa lọ. Títí di ọdún 1858, iye ènìyàn tí Augustus ti dúró fún tó 1,946. Láti inú iṣẹ́ rẹ̀ ni òfin ti wá, ní Massachusetts ní ọdún 1878, àti ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní ọdún 1907, pé adájọ́ lè fi ẹlẹ́ṣẹ̀ kékeré sí abẹ́ ìtọ́jú ẹni tí yóò máa bẹ̀ ẹ́ wò, dípò kí ó jù ú sí ẹ̀wọ̀n. Ní ọdún 1914 ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì tún ṣe é ní òfin pé kí wọ́n fún ẹni tí a bu owó ìtanràn lé lórí ní àyè láti wá owó náà. Ṣáájú ìgbà náà, ọ̀pọ̀ tálákà ni ó wọ ẹ̀wọ̀n nítorí pé owó kò sí lápò wọn ní wákàtí náà gan-an.

Ní ilẹ̀ Yorùbá, kí òyìnbó tó dé, ọ̀dọ̀ baálé ni irú ọ̀ràn báyìí ti ń kọ́kọ́ dé. Baálé yóò gbọ́ tẹnu ẹni méjèèjì, yóò ní kí wọ́n dá ohun olóhun padà, yóò bu ìtanràn, yóò sì bá ọmọ náà wí níṣojú àwọn ẹbí. Bí a bá fi ọwọ́ ọ̀tún bá ọmọ wí, a ó fi òsì fà á mọ́ra. Èmi kò sọ pé gbogbo rẹ̀ ni ó dára. Olè tí ó ti di bárakú kì í rí ọwọ́ òsì. Wọ́n lè tà á sí oko ẹrú, wọ́n sì lè pa á. Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ kan wà tí àwọn àgbà fi ń sọ pé a kì í ti kóòtù bọ̀ kí á ṣọ̀rẹ́: níwájú baálé, ẹni tí a jà lólè àti ẹni tí ó jalè yóò tún jọ máa gbé ní agboolé kan náà ní ọjọ́ kejì, ìdájọ́ sì gbọ́dọ̀ jẹ́ èyí tí àwọn méjèèjì lè gbé pẹ̀lú rẹ̀.

Ìwé òfin ọ̀daràn tí a wá ń lò gba ọ̀nà jíjìn kí ó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Samuel Griffith, adájọ́ àgbà ní Queensland ní ilẹ̀ Ọsirélíà, ni ó kọ ọ́ ní ọdún 1897. Ó di òfin níbẹ̀ ní 1899. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì mú un wá sí Ìhà Àríwá Nàìjíríà ní ọdún 1904, wọ́n sì tẹ́ ẹ ká gbogbo Nàìjíríà ní 1916, ọdún méjì lẹ́yìn ìgbà tí Lugard so àríwá pọ̀ mọ́ gúúsù. Queensland tí mo dárúkọ yìí, ibùdó àwọn ẹlẹ́wọ̀n tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Moreton Bay ní ọdún 1824 ni ó ti bẹ̀rẹ̀. Ilẹ̀ tí wọ́n kó àwọn olè ṣílè kan lọ ni ó kọ òfin olè ránṣẹ́ sí wa.

Ìwé òfin náà pín ọ̀ràn sí ọ̀nà mẹ́ta: ọ̀ràn ńlá, tí ìyà rẹ̀ jẹ́ ikú tàbí ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́ta sókè, ọ̀ràn àárín, tí ìyà rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ láti oṣù mẹ́fà tí kò sì tó ọdún mẹ́ta, àti ọ̀ràn kékeré, èyí tí ó kù. Ṣùgbọ́n olè jíjà, bí òfin kò bá ti yan ìyà mìíràn fún irú èyí tí a jà, ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́ta ni ìyà tí ó ga jù fún un. Nítorí náà ẹni tí ó jí adìyẹ kan àti ẹni tí ó jí agbo adìyẹ, ọ̀ràn ńlá ni àwọn méjèèjì dá lójú ìwé. Ọwọ́ adájọ́ nìkan ni ìyàtọ̀ wà. Ó tún mú ẹ̀sùn kan wá láti inú òfin tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣe sí àwọn aláìnílé ní ọdún 1824, lẹ́yìn ogun Napoleon, nígbà tí àwọn sójà tí kò níṣẹ́ ń rìn kiri ojú ọ̀nà wọn. Ẹ̀sùn rírìn kiri láìnídìí ni. Ọ̀pọ̀ ọmọ wa tí kò ṣe ju pé ó ń ti ibi iṣẹ́ bọ̀ lálẹ́ ni ó ti sùn ní àtìmọ́lé nítorí rẹ̀. Ìjọba ológun fòfin de ẹ̀sùn yìí ní ọdún 1989.

Ohun mìíràn tún ṣẹlẹ̀ ní Ìwọ̀-Oòrùn Nàìjíríà ní ọdún 1961. Kóòtù ìbílẹ̀ kan dá obìnrin kan lẹ́bi pé ó ṣe àgbèrè. Ó pe ẹjọ́ lọ sí kóòtù gíga, kóòtù gíga sì dá ìdájọ́ náà nù, nítorí pé kò sí ìwé òfin kankan ní agbègbè náà tí ó pe ohun tí ó ṣe ní ọ̀ràn ìjọba, bẹ́ẹ̀ ni ìwé òfin àgbà ti òmìnira sì ti sọ pé a kò gbọdọ̀ jẹ ẹnikẹ́ni níyà fún ohun tí a kò kọ sílẹ̀. Àwọn àgbà kan bínú sí ìdájọ́ náà. Ìbínú wọn yé mi. Síbẹ̀, ẹni tí ó bá fẹ́ ṣọ́ra fún òfin gbọ́dọ̀ lè rí i kà.

Ní ọdún 2007 ni Ìpínlẹ̀ Èkó kọ́kọ́ tún òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ṣe, Ìjọba Àpapọ̀ sì ṣe tirẹ̀ ní ọdún 2015. Òfin ọdún 2015 náà kà á léèwọ̀ láti mú ìyá dípò ọmọ tàbí ẹ̀gbọ́n dípò àbúrò. Ó wáyé ní àkókò tí ó jẹ́ pé èyí tí ó ju ìdajì lọ nínú àwọn tí ó wà ní ọgbà ẹ̀wọ̀n Nàìjíríà ni a kò tí ì dá ẹjọ́ wọn, tí àwọn mìíràn sì ti lò ju iye ọjọ́ tí adájọ́ ìbá fún wọn lọ bí wọ́n bá tilẹ̀ jẹ̀bi. Nípa ẹni tí ó jẹ̀bi ọ̀ràn tí ìyà rẹ̀ kò ju ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́ta lọ, tí kò sì jẹ mọ́ ohun ìjà tàbí ìfipábánilòpọ̀, òfin náà gba adájọ́ láyè láti fi iṣẹ́ ìlú rọ́pò ẹ̀wọ̀n. Ẹni náà lè gé koríko, ó lè kó ìdọ̀tí inú gọ́tà, ó sì lè tọ́jú àwọn ọmọdé tàbí àwọn arúgbó ní ilé tí ìjọba fọwọ́ sí. Kò gbọdọ̀ ṣe é ju wákàtí 5 lọ lóòjọ́, kò sì gbọdọ̀ ju oṣù 6 lọ; bí ó bá sì di ìrọ̀lẹ́, ilé ara rẹ̀ ni yóò lọ sùn.